Bí Ẹ Ṣe Lè Ya Fíìmù Kúkúrú Nípa Iṣẹ́ Ilé Gàrí ní Kétu, Orílẹ̀-èdè Bẹ̀nẹ̀

Ẹ kọ́kọ́ gbàyè lọ́wọ́ onílé iṣẹ́ àti àwọn òṣìṣẹ́. Lọ́jọ́ kìíní, ẹ má ya nǹkan kan. Ẹ kàn wo bí wọ́n ṣe ń bó ẹ̀gẹ́, lọ̀ ọ́, fún omi rẹ̀, jọ̀ ọ́, yan án.

Ẹ jẹ́ kí ibi kọ̀ọ̀kan tí ẹ bá yà tó ìṣẹ́jú àáyá 10, kí ẹ lè rí nǹkan gé. Iná mànàmáná Bẹ̀nẹ̀ jẹ́ 50 Hz (ó ń lọ bọ̀ nígbà 50 ní ìṣẹ́jú àáyá kan): ẹ fi kámẹ́rà sí àwòrán 25 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, kí shutter (àkókò tí kámẹ́rà fi ń gba ìmọ́lẹ̀ fún àwòrán kan) jẹ́ 1/50 ìṣẹ́jú àáyá, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ iná á máa ṣẹ́jú.

Ohùn ló ń bàjẹ́ jù. Ẹ gba ariwo ẹ̀rọ ìlọ̀ lọ́tọ̀. Tí wọ́n bá ti pa á, ẹ wá fọ̀rọ̀ wá òṣìṣẹ́ lẹ́nu wò, kí máíkì wà ní nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà 20 sí ẹnu rẹ̀. Nídìí agbada tí wọ́n fi ń yan gàrí, ooru gbígbóná á bo lẹ́ǹsì: ẹ̀gbẹ́ ni kí ẹ dúró sí.