Bí mo ṣe yọ "aya Abíọ́lá" kúrò nínú ìwádìí mi

Nígbà tí mo bẹ̀rẹ̀ ìwádìí lórí àwọn obìnrin tó di aṣáájú lábẹ́ ìjọba ológun ní Nàìjíríà, àwọn ìyàwó olórí ìjọba ni mo kọ́kọ́ kọ sílẹ̀. Maryam Babangida gbé ètò Better Life kalẹ̀ ní 1987 fún àwọn obìnrin ìgbèríko, Maryam Abacha náà sì ní Family Support tirẹ̀. Ipò ọkọ ni ilẹ̀kùn tí wọ́n gbà wọlé. Mo wá fi Kudirat Abíọ́lá, ìyàwó MKO Abíọ́lá tó wọlé ìbò ààrẹ 1993 tí ìjọba ológun fagi lé, ṣe ẹ̀kẹta wọn, mo ń pè é ní "aya Abíọ́lá" láti òkè délẹ̀.

Nígbà tí mo tún un kà, ọkàn mi ò gbà á. Mo pa ìwé yẹn tì, mo gé káàdì, mo kọ ọjọ́ kọ̀ọ̀kan sórí tirẹ̀. Ọjọ́ 23, oṣù kẹfà, 1994: wọ́n mú MKO. Ọjọ́ 4, oṣù keje: àwọn òṣìṣẹ́ epo NUPENG daṣẹ́ sílẹ̀, Kudirat fi ohùn àti owó tì wọ́n lẹ́yìn. Ọjọ́ 4, oṣù kẹfà, 1996: wọ́n yìnbọn fún un nínú mọ́tò l'Ékòó, òun àti awakọ̀ rẹ̀ sì kú. Lórí gbogbo káàdì tó wà láàárín, mo bi ara mi pé, "Ta ló pinnu eléyìí?" Àtìmọ́lé ni ọkọ rẹ̀ wà ní gbogbo àkókò yẹn. Kudirat fúnra rẹ̀ ni.

Lẹ́yìn náà ni mo lọ bá ìyá kan tó ti ń tajà láti ayé ìgbà yẹn. Mi ò fi ọ̀rọ̀ òṣèlú bẹ̀rẹ̀ (ẹ̀rù ṣì ń ba àwọn àgbà). Bí ọjà ṣe rí nígbà tí epo wọ́n ni mo bèèrè. Ìyá sọ̀rọ̀ pẹ́. Nígbà tó ṣe, wọ́n dákẹ́, wọ́n ní, "Ọmọ mi, a máa ń ti ilẹ̀kùn ká tó tan rédíò rẹ̀." Rédíò Kudirat ni wọ́n ń sọ, rédíò ìkọ̀kọ̀ tí àwọn ajàjàgbara tó ń tako ìjọba ológun fi orúkọ rẹ̀ pè lẹ́yìn ikú rẹ̀. Kò sẹ́ni tó pè é ní Rédíò Aya Abíọ́lá.

Alẹ́ ọjọ́ yẹn ni mo padà sídìí kọ̀ǹpútà. Ibì kan ṣoṣo ni mo fi "aya" sílẹ̀ sí, níbi tí mo ti sọ̀rọ̀ ìgbéyàwó wọn.