Bí mo ṣe gba kọ́múnítì kọ́lẹ́ẹ̀jì wọ ilé iṣẹ́ kẹ́míkà ní Texas

Kẹ́mísìrì ni mo kà ní Yunifásítì Ìlọrin. Mo ti ṣiṣẹ́ ní láàbù ilé iṣẹ́ ọṣẹ kan n'Íbàdàn kí ìyàwó mi tó fi fáìlì gbé mi wá sí Houston. Mo ní gíríìnì káàdì, mo ní ìwé-ẹ̀rí, síbẹ̀ Uber ni mo ń wà. Òru ni mo fi ń gbé èrò, ọ̀sán ni mo fi ń kọ̀wé wá iṣẹ́, àwọn tí mo kọ̀wé sí ò sì dá mi lóhùn.

Ẹ̀gbọ́n kan ní ṣọ́ọ̀ṣì wa ló là mí lójú. Ilé ìfọpo kan ní Deer Park ni wọ́n ń bá ṣiṣẹ́. Wọ́n pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan lẹ́yìn ìsìn.

"Kí lo kà nílé?"

"Kẹ́mísìrì ni, sà."

"Kẹ́mísìrì! Kẹ́míkà la sì ń sè níbi iṣẹ́ wa tọ̀sán-tòru. Àmọ́ wò ó, BSc kọ́ ni wọ́n máa bi ẹ́. Ẹni tó ti kọ́ bí wọ́n ṣe ń darí àwọn ẹ̀rọ yẹn ni wọ́n ń wá. Lọ sí San Jac, kọ́múnítì kọ́lẹ́ẹ̀jì tó wà ní Pasadena, kó o lọ kọ́ process technology, ìyẹn iṣẹ́ dídarí ẹ̀rọ ilé iṣẹ́ kẹ́míkà. Ọdún méjì ni."

Ẹni tó bá dàgbà sí Nàìjíríà mọ bí ìjà BSc àti HND ṣe le tó. Ó sì mọ ojú tí wọ́n fi ń wo ẹni tó gba dìgírì tán tó tún padà lọ jókòó sí kíláàsì ọlọ́dún méjì. Bàbá mi bi mí lórí fóònù bóyá wọn ò ka ìwé-ẹ̀rí Ìlọrin sí lọ́hùn-ún ni. Mo ní wọ́n kà á sí, Bàbá, iṣẹ́ tí ìwé-ẹ̀rí ọ̀hún ò kọ́ mi ni mo fẹ́ lọ kọ́. Ó pẹ́ kí wọ́n tó gbà. Ọ̀pọ̀ àwọn ènìyàn wa níbí náà ò gbà títí dòní, wọ́n á ní kọ́múnítì kọ́lẹ́ẹ̀jì ò tíì tó ilé-ìwé gíga. Ọ̀rọ̀ yẹn máa ń dùn mí, torí ó ti mú kí àwọn olóye ènìyàn tí mo mọ̀ jókòó sínú ọkọ̀ fún ọdún gbọọrọ.

Kí n tó san owó kankan, mo wádìí irú ilé-ìwé tó jẹ́. San Jacinto College, tí gbogbo ará ibẹ̀ ń pè ní San Jac, ti wà ní Pasadena, ní ìlà-oòrùn Houston, láti ọdún 1961. Àwọn ilé ìfọpo àti ilé iṣẹ́ kẹ́míkà tó wà létí Houston Ship Channel kò jìnnà sí i rárá. Owó orí ilé tí àwọn ará Pasadena, Deer Park, La Porte, Channelview, Galena Park àti Sheldon ń san wà lára ohun tó ń gbọ́ bùkátà rẹ̀, àwọn náà ló sì ń dìbò yan ìgbìmọ̀ tó ń ṣàkóso rẹ̀. Ìdí nìyẹn tí owó tí ẹni tó ń gbé láàárín wọn ń san fi kéré sí ti ẹni tó ti ìta wá. Ní ti ẹ̀kọ́ iṣẹ́, àwọn tó ń gbani síṣẹ́ máa ń jókòó pẹ̀lú àwọn olùkọ́, wọ́n á sọ irú òṣìṣẹ́ tí wọn ò rí, wọ́n á sì sọ ohun tó yẹ kó wà nínú ẹ̀kọ́. Láti ìgbà tí Texas ti ṣe òfin tí wọ́n ń pè ní House Bill 8 lọ́dún 2023, iye akẹ́kọ̀ọ́ tó bá parí pẹ̀lú ìwé-ẹ̀rí tó lè mówó wọlé ló ń pinnu púpọ̀ nínú owó tí ìpínlẹ̀ ń fún àwọn kọ́lẹ́ẹ̀jì wọ̀nyí. Àfikún sì wà fún àwọn iṣẹ́ tí wọ́n ń wá ènìyàn sí lójú méjèèjì. Nígbà tí mo mọ èyí, ó wá yé mi ìdí tí agbaninímọ̀ràn mi fi máa ń pè mí léraléra bí sáà tuntun bá ń bọ̀ tí mi ò tíì forúkọ sílẹ̀. Ìlọsíwájú mi kan òun náà.

Alief là ń gbé nígbà yẹn, láàárín àwọn ará ilé wa, ọjà Nàìjíríà sì wà nítòsí. Ṣùgbọ́n Alief kò sí lára àdúgbò tó ń san owó orí fún San Jac, nítorí náà a kó lọ sí Pasadena. Ìyàwó mi ló gbà kí a kó, ọpẹ́ ni fún un, torí ibi iṣẹ́ tirẹ̀ ni ilé tuntun wá jìnnà sí.

Ẹ jẹ́ kí n dúró díẹ̀ lórí ọ̀rọ̀ owó, torí ó ṣe pàtàkì fún àwa tá a kàwé nílé. Ìjọba àpapọ̀ Amẹ́ríkà ní ẹ̀bùn owó ilé-ìwé kan tó ń jẹ́ Pell Grant, èyí tó pọ̀ jù lọ lọ́dún 2024 sí 2025 sì tó $7,395. Ẹni tó ní gíríìnì káàdì lè gbà á, kò sì ní dá a padà. Àmọ́ ẹni tó bá ti ní dìgírì àkọ́kọ́, kódà kó jẹ́ ní Nàìjíríà ló ti gbà á, kò lẹ́tọ̀ọ́ sí i. Ìdínà yẹn ò kan ẹni tó jẹ́ pé NCE tàbí OND nìkan ló ní. Èmi ò rí Pell gbà, mo pín owó náà san díẹ̀díẹ̀ láti inú ohun tí mo ń rí nídìí ọkọ̀. Torí pé mò ń san iye tí ará àdúgbò ń san, ó ṣeé san.

BSc mi náà kò ṣòfò. WES, ilé iṣẹ́ tó ń yẹ ìwé-ẹ̀rí òkè òkun wò, bá mi yẹ ìwé náà wò, kọ́lẹ́ẹ̀jì sì gba Kẹ́mísìrì àti ìṣirò lọ́wọ́ mi láìní kí n tún un kà. Gẹ̀ẹ́sì kíkọ àti ọ̀rọ̀ sísọ níwájú èrò ni wọ́n ní kí n tún ṣe. Mo jókòó fún TSI, ìdánwò tí Texas fi ń mọ̀ bóyá ènìyàn ti tó ẹ̀kọ́ kọ́lẹ́ẹ̀jì, mo yege, mo bẹ̀rẹ̀.

Ibi tí iṣẹ́ gidi ti wá bẹ̀rẹ̀ ni ilé ẹ̀kọ́ kẹ́míkà tí wọ́n ṣí lọ́dún 2019, tó ń jẹ́ orúkọ ilé iṣẹ́ LyondellBasell. Wọ́n kọ́ ẹ̀rọ gidi síbẹ̀ tó ń ya omi kúrò lára glycol, kẹ́míkà tí wọ́n ń dà sínú rédíétọ̀ ọkọ̀. Mo ti mọ̀ láti Ìlọrin pé omi ń hó ní 100°C, pé glycol ò ní hó àfi ní nǹkan bí 197°C, pé bí wọ́n bá gbóná nínú àgbá gogoro kan, omi á di èéfín lọ sókè, glycol á kù nísàlẹ̀. Mo lè ya àwòrán rẹ̀ sórí bébà. Mi ò tíì fọwọ́ kan èyí tó ga ju ilé lọ rí.

Iṣẹ́ àkọ́kọ́ tí wọ́n fún wa ni ká tọ páìpù. Wọ́n á fún ọ ní àwòrán ẹ̀rọ náà, wàá sì fẹsẹ̀ rìn tọ páìpù kan láti ibi táǹkì, dé ibi pọ́ǹpù, dé ibi tí wọ́n ti ń gbé e gbóná, títí dé ara àgbá gogoro, wàá sì máa fi pẹ́ńsùlù máàkì gbogbo fáàfù tó o bá kọjá. Àwọn fáàfù kan ní ọwọ́ gbọọrọ: bí ọwọ́ náà bá na gbalaja lórí páìpù, ó ṣí nìyẹn; bó bá dábùú rẹ̀, ó ti pa. Bàbá tó ń kọ́ wa ti ṣe ọpíréétọ̀, ẹni tó ń darí ẹ̀rọ, fún ọ̀pọ̀ ọdún kí wọ́n tó fẹ̀yìn tì wá máa kọ́ni. Wọn kì í jẹ́ kí á dúró lókèèrè nàka. Wọ́n á ní, "Lọ débẹ̀. Gbé ọwọ́ lé e." Mo gbé ọwọ́ lé fáàfù kan tí gbogbo wa ti kọ sílẹ̀ pé ó ṣí, àṣé ó pa. Àwòrán ò parọ́, ẹnì kan ló ti yí i láàárọ̀ kí á tó dé, bàbá náà sì ni.

Kí wọ́n tó jẹ́ ká wọ yàrá ìdarí, wọ́n kọ́ wa ní ohun tó ṣẹlẹ̀ ní ilé ìfọpo BP ní Texas City, ní ọjọ́ 23 oṣù kẹta ọdún 2005. Ìlú yẹn kò jìnnà sí wa, ẹ̀gbẹ́ omi kan náà la jọ wà. Wọ́n ń bẹ̀rẹ̀ ẹ̀rọ kan padà lẹ́yìn àtúnṣe, wọ́n sì ń da epo sínú àgbá gogoro kan láìjẹ́ kí ó máa jáde. Ẹ̀rọ tó ń wọn bí epo ṣe ga tó ń sọ fún àwọn tó wà ní yàrá ìdarí pé ó ń lọ sílẹ̀, bẹ́ẹ̀ àgbá ti kún dé òkè. Gíláàsì tó yẹ kí ènìyàn fi ojú rí i lára àgbá náà sì ti dọ̀tí débi pé kò ṣeé kà. Nígbà tí epo tú jáde tí iná gbà á, ènìyàn 15 kú, nǹkan bí 180 ló fara pa. Gbogbo àwọn tó kú ló jẹ́ òṣìṣẹ́ kọngílá tó wà nínú àti nítòsí àwọn ilé alágbèéká tí wọ́n gbé kalẹ̀ sítòsí ẹ̀rọ náà. Kíláàsì dákẹ́. Láti ọjọ́ náà, bí ojú kọ̀ǹpútà bá sọ iye kan fún mi, mo máa ń ké sí ẹni tó wà níta lórí rédíò pé kó bá mi wo gíláàsì. Mo ṣì ń ṣe bẹ́ẹ̀ níbi iṣẹ́ báyìí.

Àwọn tá a jọ wà nílé-ìwé yẹn tó kíkọ ní ìwé. Ní ìrọ̀lẹ́, bí mo bá ń jáde, mo máa ń pàdé àwọn ìyá láti Honduras àti Vietnam tí wọ́n ń wọlé wá kọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Lára wọn, àwọn kan á kọjá láti ibẹ̀ lọ kọ́ iṣẹ́ wẹ́dà tàbí iṣẹ́ ìtọ́jú aláìsàn. Ọmọkùnrin kan wà tá a jọ ka Gẹ̀ẹ́sì kíkọ, àwọn òbí rẹ̀ gbé e wá láti El Salvador ní kékeré láìní ìwé. Láti ọdún 2001 ni òfin Texas ti jẹ́ kí irú wọn, tó bá ti jáde ilé-ìwé gírámà níbí, máa san iye tí ọmọ ìpínlẹ̀ ń san. Ní oṣù kẹfà ọdún 2025, ìjọba àpapọ̀ gbé Texas lọ sí kóòtù lórí òfin náà, Texas ò jà á, adájọ́ sì fagi lé e lọ́jọ́ náà gan-an. Àwọn òbí ọmọ yìí ń san owó orí lórí ilé tí wọ́n rà ní Pasadena, owó orí kan náà tó ń gbọ́ bùkátà kọ́lẹ́ẹ̀jì. Mi ò rí bí ẹnikẹ́ni ṣe lè pe ọmọ bẹ́ẹ̀ ní àlejò. Ó ti dáwọ́ ẹ̀kọ́ dúró nígbà tí mo gbọ́ ìròyìn rẹ̀ kẹ́yìn, ó sì ń bá bàbá rẹ̀ kan òrùlé.

Nígbà tó ku díẹ̀ kí n parí, àwọn ilé iṣẹ́ wá bá wa fúnra wọn. Kọ́lẹ́ẹ̀jì kọ́ wa bí a ṣe ń dáhùn ìbéèrè, wọ́n sì gbà mí nímọ̀ràn kí n tètè gba TWIC, káàdì tí èèyàn nílò kó tó lè dá wọ ilé iṣẹ́ tó wà létí omi, torí wọ́n á kọ́kọ́ yẹ ìtàn ẹni wò kí wọ́n tó fún un. Ìdánwò ọgbọ́n ẹ̀rọ wà, àyẹ̀wò oògùn olóró sì wà, irun orí ni wọ́n gé lọ yẹ̀ wò. Mo fá irùngbọ̀n mi kanlẹ̀, nítorí ìbòmú tó ń gba ènìyàn lọ́wọ́ kẹ́míkà kò ní lẹ̀ mọ́ ojú tó bá ní irun. Oníṣíìfìtì ni mí báyìí, wákàtí 12 lẹ́ẹ̀kan, ọ̀sán nígbà mìíràn, òru nígbà mìíràn. Bàbá mi ti ń sọ fún àwọn ènìyàn n'Ílọrin pé ọmọ àwọn ń ṣe kẹ́míkà l'Amẹ́ríkà.

Bí ẹnikẹ́ni bá pè mí lórí ọ̀rọ̀ yìí, mo kọ́kọ́ máa ń bèèrè ibi tó ń gbé. Houston ní ibi tí ilé ìwòsàn pọ̀ sí jọjọ, Texas Medical Center, ibẹ̀ sì ni Coleman College ti Houston Community College ti ń kọ́ àwọn òṣìṣẹ́ ìlera. Ní Maryland, láàbù àwọn ilé iṣẹ́ oògùn tò sẹ́gbẹ̀ẹ́ òpópónà I-270, Montgomery College sì ń kọ́ni ní báyótẹ́kì ní Germantown. Àbúrò ìyàwó mi wà ní Germantown. Máíkròbáyọ́lọ́jì ló kà nílé, ó sì ń tọ́jú àwọn arúgbó nílé wọn fún owó tí kò tó nǹkan. A jọ jókòó lórí fóònù lọ́sẹ̀ tó kọjá, a fi orúkọ rẹ̀ sílẹ̀ fún WES, a sì kọ̀wé sí ilé-ìwé rẹ̀ nílé pé kí wọ́n fi transcript ránṣẹ́ tààrà. Ohun tá a ń dúró dè báyìí nìyẹn.