Ẹ̀yin lẹ ń darí fíìmù, ẹ̀yin náà lẹ di kámẹ́rà mú: àwọn àṣìṣe tó yẹ kẹ́ ẹ yẹra fún

Ẹ má jẹ́ kí kámẹ́rà gba etí yín. Èyí ló burú jù, èmi náà sì ti jìn sí kòtò rẹ̀.

Ní Ìkéré-Èkìtì, à ń ya ìran kan tí bàbá àgbà ti ń bá ọmọ rẹ̀ wí. Lẹ́ẹ̀kíní, bàbá ní "ulé" bí àwa Èkìtì ṣe ń pè é. Nígbà tá a tún un yà lẹ́ẹ̀kẹta, ó ti di "ilé". Fókọ́ọ̀sì, ìyẹn bí àwòrán ṣe máa mọ́ kedere, ni mo ń lé kiri, n ò gbọ́. Ìdí kọ̀ǹpútà, níbi tá a ti ń to àwòrán pọ̀, ni mo ti rí i pé ẹnu kan ṣoṣo ń pe ọ̀rọ̀ kan ní ọ̀nà méjì. A tún padà sí Ìkéré: owó mọ́tò, owó oúnjẹ, bàbá sì ti lọ fá irùngbọ̀n. Látọjọ́ náà, ẹnì kan gbọ́dọ̀ jókòó pẹ̀lú ìwé eré lọ́wọ́, kó máa fetí bá mi ṣọ́ ọ̀rọ̀. Kò di dandan kó mọ fíìmù; kó ṣáà gbọ́ Èkìtì.

Àwọn kan á ní, ṣebí Túndé Kèlání náà di kámẹ́rà mú kó tó di olùdarí? Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ ọdún ló fi ya fíìmù fáwọn ẹlòmíì kó tó máa darí tirẹ̀. Steven Soderbergh, olùdarí fíìmù ní Amẹ́ríkà, máa ń fúnra rẹ̀ di kámẹ́rà mú ya fíìmù tirẹ̀, orúkọ Peter Andrews ló sì fi ń ṣe é, àmọ́ kì í ṣe òun ló ń gbé máìkì.

Òkè Èkìtì náà máa ń tan ayàwòrán. Olùdarí inú yín gbọ́dọ̀ lè sọ fún un pé ó tó. Mo ti wo fíìmù tí òkè Ẹ̀fọ̀n ti pọ̀ ju ọ̀rọ̀ òṣèré lọ.

Iná ńkọ́? 50 Hz ni iná wa ní Nàìjíríà, ìyẹn ni pé ó ń lọ, ó ń bọ̀ nígbà àádọ́ta láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan. Ẹ má fi shutter (ìwọ̀n àkókò tí kámẹ́rà fi ń gba ìmọ́lẹ̀ fún àwòrán kọ̀ọ̀kan) sí 1/60 ìṣẹ́jú àáyá nínú yàrá tí wọ́n tan gílóòbù gígùn bí ọ̀pá (fluorescent) sí, àwòrán á máa ṣẹ́jú. Ẹ lo 1/50 tàbí 1/100.

Kẹ́ ẹ tó sùn, ẹ da àwòrán ọjọ́ náà sí ibi méjì. Bó ti wù kó rẹ̀ yín tó, ẹ má pa ohun tó wà lórí káàdì kámẹ́rà rẹ́ lálẹ́.