Ẹ̀ka òdòdó hibiscus mi ti ta gbòǹgbò!

Ẹ bá mi yọ̀ o! Gbogbo ẹ̀ka hibiscus tí mo ti ń gé gbìn, ṣe ni ìdí wọn ń jẹrà, á dúdú, á rọ̀ jọ̀bọ̀tọ̀, àṣé ẹ̀ka tó ṣì rọ̀ jù ni mò ń gé, omi náà tún ti pọ̀ jù. Èyí tó ti ń le díẹ̀ ni mo wá gé báyìí, bíi sẹ̀ǹtímítà 12, lábẹ́ oríkèé (ibi tí ewé ti ń yọ lára ẹ̀ka) gan-an torí ibẹ̀ ni gbòǹgbò ti máa ń yọ jù, mo já ewé ìsàlẹ̀ dànù, ó ku 2 lókè, mo rì í bọ inú yanrìn tí omi ń tètè jò nínú ẹ̀, mo fi láílọ́ọ̀nù bò ó, mo gbé e sí ibòji. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ 5 mo rọra fà á, kò yẹ̀! Ẹ má ṣáà máa fà á lójoojúmọ́ o, gbòǹgbò tuntun tètè ń já.