Bí mo ṣe lẹ máàpù Matteo Ricci mọ́ ògiri yàrá mi

Ó pẹ́ tí mo ti ń wo máàpù ayé tí Matteo Ricci, àlùfáà Kátólíìkì ẹgbẹ́ Jẹ́súìtì, ọmọ Ítálì, ṣe fún àwọn ará Ṣáínà ní Beijing lọ́dún 1602. Ojú fóònù kò gbà á. Ó fẹ̀ ju mítà 3.5 lọ, ó ga ju mítà 1.5 lọ. Ni mo bá ní màá tẹ̀ ẹ́ jáde.

Ìkànnì Library of Congress, ilé ìkàwé ńlá ti Amẹ́ríkà, ni mo ti rí àwòrán rẹ̀. Pákó gbígbẹ́ ni wọ́n fi tẹ ojúlówó, abala mẹ́fà. Mo gé abala kọ̀ọ̀kan sí méjì, ó di ìwé A3 méjìlá, kó lè tó bí ìdajì ojúlówó. Lákọ̀ọ́kọ́, ẹ̀rọ ìtẹ̀wé fún àwòrán náà pọ̀ fúnra rẹ̀, etí ìwé kò sì bá ara wọn mu. Ẹ sọ fún àwọn tó ń bá yín tẹ̀ ẹ́ kí wọ́n má dín in kù rárá. Àárín ni mo ti bẹ̀rẹ̀ sí í fi gọ́ọ̀mù lẹ̀ ẹ́, torí ìlà òòró àárín nìkan ló nà tọ́. Ìyókù tẹ̀ bí ọrun.

Kíkà rẹ̀ ló wá dùn jù. N kò gbọ́ èdè Ṣáínà, àmì kan ṣoṣo ni mo kọ́kọ́ há sórí: 亞. Ẹ̀ẹ̀mejì ló wà nínú Éṣíà, 亞細亞. Òun ló bẹ̀rẹ̀ Amẹ́ríkà, 亞墨利加. Òun ló sì parí Áfíríkà: 利未亞. Líbíà ni wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀, orúkọ tí àwọn Gíríìkì àtijọ́ fún ilẹ̀ wa. Mo fi ìka tọ̀ ọ́ dé apá òsì pátápátá, ọkàn mi sì ń lù kìkì. Mo wá ìtumọ̀ ohun tí wọ́n kọ nípa odò Náílì: òun ló gùn jù láyé, ẹnu méje ló fi ń wọ òkun.

Wọ́n máa ń sọ pé Ricci gbé Ṣáínà sí àárín ayé kó lè tẹ́ wọn lọ́rùn. Mo na okùn láti etí kan dé ekejì, mo ká a sí méjì. Inú Òkun Pàsífíìkì ni àárín bọ́ sí. Ṣáínà wà lápá òsì rẹ̀. Lóòótọ́, ó gbé e kúrò ní ìkángun tí máàpù àwọn ará Yúróòpù fi í sí, àmọ́ kò purọ́ fún wọn. Ẹ jẹ́ ká sì máa dárúkọ Li Zhizao, ọ̀mọ̀wé Ṣáínà tó bá a ṣe iṣẹ́ náà.

Máàpù ayé ti Ferdinand Verbiest, àlùfáà Jẹ́súìtì mìíràn ní Ṣáínà, ló kàn, ti ọdún 1674, abala mẹ́jọ. Mo ti wọn ògiri kejì.