Bí ẹ ṣe lè ṣe kàlẹ́ńdà fún ayé inú ìtàn yín

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń kọ ìtàn ayé mìíì, ayé tí ò sí Èkó tí ò sí Ìlọrin ńbẹ̀, ẹ jọ̀ọ́ ẹ yé mú kàlẹ́ńdà ara ògiri kẹ́ ẹ kàn wá pa Jánúárì dà sí orúkọ iwin. Oṣù 12, ọjọ́ 365, ọ̀sẹ̀ ọlọ́jọ́ 7, gbogbo ẹ̀ ṣì wà bó ṣe wà. Àwa tá a wà ní Kwara níbí gan-an ò gbénú kàlẹ́ńdà kan ṣoṣo. Owó oṣù àti síkúù ń tẹ̀lé ti ògiri, ààwẹ̀ àti Iléyá ń tẹ̀lé òṣùpá, ẹ tún wá dé ọ̀nà Ìgbómìnà, ọjà ọrún-ọrún ò mọ Mọ́ńdè yàtọ̀ sí Jímọ̀. Mẹ́ta nìyẹn lórí ẹnì kan. Tí ayé tiyín bá wá ní ẹyọ kan tí gbogbo èèyàn gbà láìjiyàn, ẹ ti sọ èyí tó dùn jù nù, ìyẹn ibi tí kàlẹ́ńdà méjì ti ń kọlu ara wọn.

Ojú ọ̀run lẹ ó kọ́kọ́ wò. Lọ́dọ̀ tiwa, bí ọjọ́ 29 àti ààbọ̀ ni oṣù kan lójú ọ̀run, 12 ẹ̀ á jẹ́ ọjọ́ 354 tàbí 355, ó fi bí ọjọ́ 11 dín sí ọdún oòrùn, ìdí nìyẹn tí Ràmàdáánì fi ń tètè dé sí i lọ́dọọdún, ẹ lè gbà á nínú ọyẹ́, tó bá tún ṣe ẹ ó gbà á nínú ooru Máàṣì tí Ìlọrin máa ń gbóná bí ààrò. Bí ọdún 33 ló fi ń yípo.

Ẹ wá yan nọ́ńbà tiyín. Ká ní ọdún oòrùn ibẹ̀ jẹ́ ọjọ́ 328, tí òṣùpá ń lo ọjọ́ 32. Oṣù 10 á jẹ́ 320, ó ṣẹ́ku ọjọ́ 8. Ọjọ́ 8 yẹn gan-an nìjà wà. Àwọn àgbẹ̀ orí òkè ò lè fi ṣeré torí oòrùn lòjò ń tẹ̀lé, wọ́n á tò ó sẹ́yìn oṣù kẹwàá, wọ́n á pè é ní ọjọ́ aláìlóṣù, kò sẹ́ni tó ń sin gbèsè ńbẹ̀, wọn kì í sì í sọmọ lórúkọ (àwọn ará Ethiopia náà ń ṣe irú ẹ̀, oṣù 12 ọlọ́jọ́ 30, kí wọ́n tó fi ọjọ́ 5 tàbí 6 dí i). Àwọn apẹja etí odò ní tiwọn, òṣùpá nìkan ni wọ́n mọ̀, wọn ò fi nǹkankan kún un. Tí àgbẹ̀ bá fi máa ka ọdún 40, apẹja ti ka 41. Ó yá, ẹ bí ọmọ méjì lọ́jọ́ kan náà, ọ̀kan lókè, ọ̀kan létí odò. Ta lẹ̀gbọ́n? Ta ni oyè tọ́ sí? Ta ló máa dọ̀bálẹ̀ fún ta? Haa, ìwé odindi kan wà ńbẹ̀ o.

Mo mọ̀ pé òṣùpá mẹ́ta ń wu yín. Ẹ fi sílẹ̀ jàre, ọ̀kan ti tó.

Ọjà ni kẹ́ ẹ fi ṣe ọ̀sẹ̀. Ẹ jẹ́ ó jẹ́ ọjọ́ 6 kó má bàa pín 32 dọ́gba, ọjà àti oṣù tuntun á wá máa pàdé lẹ́ẹ̀kan lóṣù mẹ́ta, ọjọ́ yẹn á di ọjọ́ ńlá láìjẹ́ pé ẹ̀ ń fagbára dá ọdún sílẹ̀. Ẹ tún pinnu bóyá wọ́n ń ka òní mọ́ ọn. Àwa ń kà á, ọjà ọrún wa ọjọ́ mẹ́rin ló fi ń yípo, ìtàdógún jẹ́ 17 lẹ́nu àmọ́ ọjọ́ 16 ló jẹ́, ìyẹn ọjà mẹ́rin. Àlejò tí kì í ka òní, tí wọ́n bá ní kó wá nígbà tó bá pé ọjọ́ karùn-ún, lọ́la ìpàdé ló máa dé, wọ́n á ti pín ogún tán.

Orúkọ oṣù, ẹ fi iṣẹ́ àti ebi sọ ọ́: Oṣù Iná-Igbó, Oṣù Èsúnsún, Oṣù Ẹ-rọra-jẹ fún ìgbà tí iṣu ọ̀gbẹlẹ̀ ti tán tí tuntun ò tíì jáde. Ìyẹn ò le.

Ibi tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ jókòó tì ni ẹni tó ń kéde. Lọ́dọ̀ wa tí wọn ò bá rí oṣù lálẹ́ ọjọ́ 29, wọ́n á fi pé 30, gbogbo ilé á máa retí ìkéde láti ọ̀dọ̀ Sultan ní Sókótó, ẹ ṣáà mọ bó ṣe máa ń rí lálẹ́ yẹn, ìyá ò mọ̀ bóyá sààrì lòun máa sè tàbí kóun bẹ̀rẹ̀ sí í din ẹran ọdún, télọ̀ ò tíì ran bùbá tán, àáfà àdúgbò kejì sì ti ní òun rí i. Nínú ìtàn yín, ta ni èrè wà fún tí oṣù bá fi ọjọ́ kan pẹ́? Ọba tó jẹ àwọn ọmọ ogun lówó lè ní kùrukùru bo ojú òun. Àwọn àlùfáà Róòmù àtijọ́ ṣe irú ẹ̀ lóòótọ́, wọ́n á fi oṣù kún ọdún kí ẹni tiwọn lè pẹ́ lórí oyè, ó dàrú débi pé Julius Caesar ní láti sọ ọdún 46 kí wọ́n tó bí Jésù di ọjọ́ 445 kó tó ráyè tún un tò.

Fún ìbẹ̀rẹ̀ ọdún kìíní, ẹ lo ogun kan tí ìlú méjì jà, kí tọ̀tún tòsì máa fi kàdún. Ẹni tó fi ogun Jálumi ti 1878 ṣe àmì ní Ìbàdàn ń rántí ìṣẹ́gun, ará Ìlọrin ń rántí odò Ọ̀tìn tó gbé èèyàn lọ.

Ẹ wá kọ gbogbo ẹ̀ sínú tábìlì, nínú ìwé tàbí Excel, oòrùn lápá kan òṣùpá lápá kejì, kẹ́ ẹ fi ọjọ́ ìbí gbogbo èèyàn inú ìtàn sí i. Àmọ́ ẹ má gbé tábìlì yẹn fún òǹkàwé. Ẹ jẹ́ kí olówó-èlé kan ilẹ̀kùn, kó ní ọjọ́ ti kọjá lánàá, kí ẹni tó jẹ gbèsè dá a lóhùn pé ní ti àwọn ará odò nìyẹn, ẹ gbà á lọ́wọ́ wọn, ní ti òun ó ku ọjà méjì.