Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń fohùn jẹun, bẹ́ ẹ ṣe lè bẹ̀rẹ̀ fíìmù tiyín rèé

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń ka ìpolówó lórí rédíò, tí wọ́n tún máa ń pè yín sí fíìmù kẹ́ ẹ wá gbé oúnjẹ wọlé, kí baálé ilé ní "gbé e síbẹ̀", ó parí, ẹ̀yin ni mò ń bá sọ̀rọ̀. Ohun témi náà ṣe nìyẹn ní Ifẹ̀ yìí kí n tó gbé kámẹ́rà.

Ẹ má tíì ra kámẹ́rà. Ẹni tó ń fohùn jẹun, etí ló ní, etí yẹn sì lowó yín. Èèyàn á fara da àwòrán tó ṣú díẹ̀, àmọ́ tí wọn ò bá ti gbọ́ ohun tí òṣèré ń sọ, wọ́n á kúrò níbẹ̀ kíá. Máìkì kékeré tí wọ́n ń há mọ́ ẹ̀wù ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ fowó rà, fóònù ọwọ́ yín á ṣì ya àwòrán yẹn.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ gba ohùn nílé, ẹ wọ yàrá tí aṣọ pọ̀ sí, ẹ fi búláńkẹ́ẹ̀tì bo wíńdò àti ògiri tó kọjú sí yín, kí ohùn má baà máa ta padà. Ẹ ya ọwọ́, bí àtàǹpàkò ṣe jìnnà sí ìka kékeré yẹn náà ni kí máìkì jìnnà sí ẹnu, kó sì yà sẹ́gbẹ̀ẹ́ díẹ̀, torí "p" àti "gb" tiwa yìí máa ń gbá máìkì bí ẹni ń gúnyán. WAV, irú fáìlì tí kì í fún ohùn pọ̀ kó bà jẹ́, ni kẹ́ ẹ fi tọ́jú ẹ̀, ní 48kHz (iye ìgbà tó ń wọn ohùn láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan), òun ni fíìmù ń lò.

Ẹ wá mú bírò, kẹ́ ẹ fàmì sórí ọ̀rọ̀ inú ìwé tẹ́ ẹ máa kà. Ẹ má fojú di èyí o. Wọ́n gbé ìpolówó kan fún mi rí, wọ́n tẹ "oko wa ko ni ja yin kule" láìsí àmì kankan, èmi náà ò béèrè, mo kà á ní "ọkọ wa", ohùn mi ń dùn, àṣé ọkọ̀ èrò ni wọ́n ń polówó. Ó ti jáde láàárọ̀ kẹ́nikẹ́ni tó mọ̀, àwọn ìyá ní Sábó wá ń bi mí pé ọkọ ta ni.

Tó bá di ọjọ́ tẹ́ ẹ máa ya fíìmù, ẹ tètè jí, láàárín aago mẹ́fà ààbọ̀ sí mẹ́sàn-án ni oòrùn ṣì rọ̀, tí jẹ́ẹ̀nì aládùúgbò ò sì tíì bẹ̀rẹ̀. Ẹ fi fóònù sí férémù 25, ìyẹn àwòrán 25 láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan, kẹ́ ẹ fi shutter, ìyẹn bí ìmọ́lẹ̀ ṣe ń pẹ́ tó lórí àwòrán kọ̀ọ̀kan, sí 1/50, torí 50Hz ni iná wa, tẹ́ ẹ bá fi sí òmíràn gílóòbù lè máa ṣẹ́jú nínú àwòrán. Kẹ́ ẹ tó kúrò níbẹ̀, ẹ ní kí gbogbo èèyàn dákẹ́, kẹ́ ẹ gba ariwo ibẹ̀ lásán fún ọgbọ̀n ìṣẹ́jú àáyá, òun lẹ máa fi dí ihò nígbà tẹ́ ẹ bá ń gé e. Èmi ò ṣe é nínú fíìmù mi àkọ́kọ́, ìyá àti ọmọ ń sọ̀rọ̀ ní kíṣìnì, tí ìyá bá sọ̀rọ̀ àkùkọ ń kọ, tó bá kan ọmọ àkùkọ dákẹ́, ó padà sórí ìyá, àkùkọ tún bẹ̀rẹ̀. Ẹ̀rín làwọn èèyàn ń rín níbi tó yẹ kí wọ́n sunkún.

Tẹ́ ẹ bá ń wá òṣèré, ẹ lọ wo eré àwọn ọmọ Dramatic Arts ní OAU, wọ́n já fáfá. Tẹ́ ẹ bá rí èyí tó jẹ́ ọmọ Iléṣà, ẹ jẹ́ kó sọ Ìjẹ̀ṣà, ẹ má ní kó máa ṣe bíi ẹni tó ń ka ìròyìn.

Iléṣà yẹn náà ni Mósè Ọláìyá, Bàbá Sàlá wa, kú sí ní 2018. Ẹ wò ó, ó ti kọrin, ó ti ṣe tíátà, ó ti wà lórí tẹlifíṣọ̀n kó tó gbé Ọ̀run Mooru jáde ní 1982, làwọn kan bá jí i dà kọ, wọ́n ń tà á nígbà tí gbèsè ṣì wà lọ́rùn ẹni tó ṣe é. Nítorí náà, ẹ má fún ẹnikẹ́ni ní odindi fíìmù kó "lọ wò ó". Èyí tí àwòrán ẹ̀ ò mọ́ kedere, tí orúkọ yín là á kọjá láàárín, ìyẹn ni kẹ́ ẹ fi ránṣẹ́. Ẹ ṣe méjì ojúlówó ẹ̀, kí ọ̀kan wà nílé ẹlòmíràn. Àdéhùn pẹ̀lú òṣèré, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ kẹ́ ẹ tó ya àwòrán kankan, kẹ́ ẹ sì gba ìwé àṣẹ Censors Board, àjọ ìjọba tó ń yẹ fíìmù wò, kó tó jáde fáráyé.

Ẹ má fi iṣẹ́ ohùn sílẹ̀ o, òun ló ń bọ́ fíìmù. Owó yín tó wà lọ́wọ́ àwọn tó gbéṣẹ́ fún yín, ẹ ṣe bí Òṣómàáló, ẹ lóṣòó síbẹ̀ títí wọ́n á fi san án. Èmi náà ní ìpolówó oògùn ikọ́ kan láti kà lọ́la, ikọ́ sì ni ò jẹ́ kí n sùn lánàá.